Aago Mọ́kànlá Ààbọ̀ Kì í Dúró De Ẹnikẹ́ni

Ní alẹ́ Sátidé, ọjọ́ 11 oṣù Kẹwàá ọdún 1975, eré apanilẹ́rìn-ín kan bẹ̀rẹ̀ lórí tẹlifíṣàn NBC láti ìlú New York. Ìṣẹ́jú 90 ni wọ́n fún un. Wọn kò gbà á sílẹ̀ sórí téèpù kí wọ́n tó gbé e jáde. Bí àwọn òṣèré ti ń sọ ọ́ lẹ́nu ni ó ń jáde lọ. Lorne Michaels ló kó àwọn èèyàn rẹ̀ jọ. Òun náà wà lára àwọn tó kọ ọ́, òun sì ni olóòtú rẹ̀. Ọmọ Kánádà ni, ó sì ku oṣù kan àti ọjọ́ díẹ̀ kó pé ọmọ ọdún mọ́kànlélọ́gbọ̀n. NBC's Saturday Night ni wọ́n ń pe eré náà nígbà yẹn. Saturday Night Live ni ayé mọ̀ ọ́n sí lónìí, ó sì pé àádọ́ta ọdún ní 2025.

Ọ̀pọ̀ èèyàn ló ń sọ ìtàn ọjọ́ yẹn bí ìtàn oríire, pé àwọn ọ̀dọ́ kan dán nǹkan wò, orí sì bá wọn ṣe é. Èmi kò rí i bẹ́ẹ̀. Bí a bá tẹ̀lé ọjọ́ náà láti òwúrọ̀ títí di aago kan òru, a ó rí i pé ohun tó gbé Michaels la àárín rẹ̀ kọjá, orí ìtàgé àwọn akẹ́kọ̀ọ́ ní Toronto ló ti kọ́ ọ. Ilé la ti ń kó ẹ̀ṣọ́ ròde. Ibi tí ó ti kó tirẹ̀ ni mo fẹ́ kí a wò.

Òwúrọ̀

Ilé gogoro 30 Rockefeller Plaza wà láàárín gbùngbùn Manhattan. Àjà kẹjọ rẹ̀ ni Situdíò 8H wà. Rédíò ni NBC kọ́ ọ fún ní àwọn ọdún 1930, ó sì tóbi débi pé ẹgbẹ́ olórin ńlá tí Arturo Toscanini ń darí bẹ̀rẹ̀ sí í lò ó ní 1937. Wọ́n sọ ọ́ di ilé tẹlifíṣàn nígbà tó yá, ṣùgbọ́n kí ọdún 1975 tó dé, púpọ̀ nínú àwọn eré tó ń mówó wọlé ti kó ẹrù wọn lọ sí Kalifọ́níà. New York fúnra rẹ̀ wà nínú gbèsè tó le. Ọjọ́ mẹ́fà lẹ́yìn Sátidé yìí, díẹ̀ ló kù kí ìjọba ìlú náà má lè san owó tó jẹ.

Bí àyè ṣe ṣí sílẹ̀ fún eré tuntun nìyí. Johnny Carson, tí eré rẹ̀ alaalẹ́ ń mú owó ńlá wá fún NBC, kò fẹ́ kí wọ́n máa tún àwọn èyí tó ti ṣe kọjá gbé jáde ní òpin ọ̀sẹ̀ mọ́. Alẹ́ Sátidé wá ṣófo. Ní oṣù Kejì ọdún 1975, Herb Schlosser tó jẹ́ ààrẹ NBC kọ̀wé pé òun fẹ́ eré tuntun tí wọn yóò máa ṣe láti inú Situdíò 8H, kí ó jáde lójú ẹsẹ̀, kí àwọn ọ̀dọ́ lè fẹ́ràn rẹ̀. Dick Ebersol, ẹni ọdún mẹ́tàdínlọ́gbọ̀n tí wọ́n fi àsìkò òru òpin ọ̀sẹ̀ sí níkàáwọ́, ló mú Michaels wá.

Ẹni tó bá wọ 8H ní òwúrọ̀ Sátidé yẹn kò ní bá ìtàgé dídán yinrin tó wọ́pọ̀ lórí tẹlifíṣàn nígbà náà. Eugene Lee ló ṣe àgbékalẹ̀ ìtàgé, Franne Lee sì ni ó wà nídìí aṣọ àwọn òṣèré. Ará tíátà pọ́ńbélé ni àwọn méjèèjì. Ọdún 1974 ni wọ́n gba àmì-ẹ̀yẹ Tony nítorí iṣẹ́ wọn nínú eré Candide. Bíríkì, àtẹ̀gùn, ilẹ̀kùn tó ti gbó: ohun tí wọ́n kọ́ jọ gbọ̀ngán ìgbafẹ́ àtijọ́ kan tó wà nísàlẹ̀ ilẹ̀ ní New York. Wọ́n sì ṣe ìjókòó àwọn òǹwòran sún mọ́ àwọn òṣèré.

Àwọn tó mọ iṣẹ́ tẹlifíṣàn dunjú kò ṣọ̀wọ́n. Ará tíátà ni Michaels lọ mú, nítorí ó fẹ́ kí ẹni tó wà nílé mọ̀ pé ibìkan pàtó ni eré yìí ti ń ṣẹlẹ̀, pé èèyàn gidi jókòó síbẹ̀, àti pé bí nǹkan bá bàjẹ́, ojú gbogbo wọn ni yóò ṣe. Ìpinnu ẹni tó ti dúró lẹ́gbẹ̀ẹ́ aṣọ ìtàgé rí ni.

Ọ̀sán

Àdúgbò Forest Hill ní Toronto ni Michaels dàgbà sí. Lorne Lipowitz ni orúkọ rẹ̀ nígbà náà. Bàbá rẹ̀, tó ń ṣòwò aṣọ onírun ẹranko, kú nígbà tí ọmọ náà wà ní ọdún mẹ́rìnlá. Nílé ọ̀rẹ́ rẹ̀ kan, Rosie Shuster, ló ti rí ẹlòmíì tó mú un bí ọmọ: Frank Shuster, bàbá Rosie. Gbajúmọ̀ ni Shuster. Òun àti Johnny Wayne ni aláwàdà méjì tí gbogbo Kánádà mọ̀, wọ́n sì fara hàn lórí eré Ed Sullivan ní Amẹ́ríkà ju ìgbà àádọ́ta lọ. Níbo ni àwọn méjèèjì ti ń ṣe eré kí wọ́n tó lókìkí? Yunifásítì Toronto ni, nínú eré àwọn akẹ́kọ̀ọ́ University College tí wọ́n ń pè ní UC Follies. Orin, ẹ̀fẹ̀ àti eré ṣókí ṣókí ni wọ́n máa ń tò pọ̀ sínú rẹ̀.

Michaels wọ yunifásítì kan náà àti kọ́lẹ́ẹ̀jì kan náà. Lítíréṣọ̀ Gẹ̀ẹ́sì ló kà, ó sì gboyè jáde ní 1966. Ṣùgbọ́n inú UC Follies ló ti kọ́ iṣẹ́ tí yóò fi jẹun. Ó kọ̀wé fún un, ó sì darí rẹ̀.

Ẹni tó bá ti ṣe eré akẹ́kọ̀ọ́ rí mọ bí ó ti ń rí. Owó kò sí. Ẹni tó kọ ọ̀rọ̀ náà ló ń gbé àga, òun ló ń lẹ ìwé ìkéde mọ́ ògiri, òun náà ni yóò tún wọ aṣọ ọlọ́pàá nínú eré kẹta. Ìdánwò ti sún mọ́lé. Síbẹ̀, wọ́n ti kéde ọjọ́ àti aago fún gbogbo ilé-ìwé, kò sì sí ẹni tó lè sún un síwájú. Nígbà tí aṣọ ìtàgé bá ṣí, ẹ̀rín nìkan ni adájọ́. Àpárá tí kò bá pa ẹnikẹ́ni lẹ́rìn-ín lálẹ́ àkọ́kọ́, wọ́n á gé e kúrò kí alẹ́ kejì tó dé, ìbáà jẹ́ ọ̀rẹ́ tímọ́tímọ́ ló kọ ọ́.

Ohun mẹ́ta ni mo rí níbẹ̀: aago tí kò ṣeé bẹ̀, òǹwòran tó jókòó síwájú ẹni, àti ẹgbẹ́ tó ń kọ, tó ń ṣe, tó sì ń tún ṣe papọ̀. Mẹ́tẹ̀ẹ̀ta ni Michaels gbé dé New York. Àwọn ọ̀rẹ́ rẹ̀ kan láti ìgbà èwe sì bá a débẹ̀. Rosie Shuster, tó ti di ìyàwó rẹ̀, wà lára àwọn òǹkọ̀wé. Howard Shore, tí wọ́n jọ ṣe eré fún àwọn ọmọdé ní Camp Timberlane ní Ontario nígbà ìsinmi, ni olórí àwọn olórin. Shore yìí náà ló gba àmì-ẹ̀yẹ Oscar mẹ́ta lẹ́yìn náà nítorí orin tó ṣe fún sinimá The Lord of the Rings.

Ọ̀sán ń rọ̀

Kí ló dé tí Michaels fi fẹ́ eré tó ń jáde lójú ẹsẹ̀ tó bẹ́ẹ̀? Ohun tí ojú rẹ̀ rí ní Kalifọ́níà ni. Lẹ́yìn yunifásítì, òun àti Hart Pomerantz, agbẹjọ́rò tó mọ àwàdà ṣe, jọ ṣiṣẹ́ fún rédíò CBC. Ní 1968 wọ́n kọjá sí Amẹ́ríkà, wọ́n sì di òǹkọ̀wé fún Laugh-In, eré tí gbogbo ilé ń wò nígbà náà. Orúkọ ńlá ni, ṣùgbọ́n iṣẹ́ náà kò tẹ́ ẹ lọ́rùn. Wọ́n á kọ ọ̀rọ̀ sílẹ̀, ẹlòmíì á gbà á, á tún un kọ, ẹlòmíì á tún gbà á lọ́wọ́ ẹni yẹn, títí ẹni tó kọ́kọ́ kọ ọ́ kò fi ní mọ ohun tó jẹ́ tirẹ̀ mọ́. Wọ́n á gba eré náà sílẹ̀ ní wẹ́wẹ́, wọ́n á sì so ó pọ̀ nígbà tó bá yá. Ọmọ UC Follies tó ti máa ń gbọ́ ẹ̀rín lójú ẹsẹ̀ kò gbọ́ nǹkan kan níbẹ̀.

Ó padà sílé. Láàárín 1970 sí 1971, òun àti Pomerantz ṣe eré tiwọn lórí CBC, The Hart and Lorne Terrific Hour. Lẹ́yìn náà ni ó tún lọ bá Lily Tomlin aláwàdà ṣiṣẹ́ ní Amẹ́ríkà, ó sì wà lára àwọn òǹkọ̀wé tó gba àmì-ẹ̀yẹ Emmy ní 1974 nítorí eré àkànṣe tí Tomlin ṣe. Ọ̀dọ̀ Tomlin ló ti rí i kedere pé èèyàn lè fi òtítọ́ inú ayé ṣe àwàdà lórí tẹlifíṣàn láì sọ ọ́ di yẹ̀yẹ́.

Ẹ wá wo àwọn tí ó kó jọ sí 8H lọ́sàn-án yẹn. Gilda Radner ni ó kọ́kọ́ gbà. Obìnrin náà ti ṣe eré ní Yunifásítì Michigan kó tó sá kúrò nílé-ìwé lọ sí Toronto, níbi tó ti wà nínú Godspell ní 1972. Dan Aykroyd ti bá ẹgbẹ́ eré akẹ́kọ̀ọ́ Sock 'n' Buskin ṣe ní Yunifásítì Carleton ní Ottawa. Ó sì ti fara hàn nínú eré Hart àti Lorne nígbà tó ṣì jẹ́ ọ̀dọ́mọdé. John Belushi ti Second City ní Chicago wá. Jane Curtin ti inú ẹgbẹ́ The Proposition ní Massachusetts wá, Laraine Newman ti inú The Groundlings ní Los Angeles. Garrett Morris, tó ti kàwé ní Yunifásítì Dillard, tó ti kọrin pẹ̀lú ẹgbẹ́ Harry Belafonte, tó sì máa ń kọ eré fúnra rẹ̀, òǹkọ̀wé ni wọ́n kọ́kọ́ fẹ́ fi í ṣe. Òǹkọ̀wé náà ni wọ́n gba Chevy Chase fún. Orí ìlà níwájú ilé sinimá kan ní Los Angeles, níbi tí wọ́n ti ń dúró láti wo Monty Python and the Holy Grail, ni òun àti Michaels ti pàdé.

Kò sí ìràwọ̀ kankan láàárín wọn. Ọ̀gá kan tó ń wá ẹni tí orúkọ rẹ̀ yóò ta ọjà kò ní mú ọ̀kan nínú wọn. Ohun tí wọ́n ní ni pé gbogbo wọn ti dúró níwájú òǹwòran rí láìsí ẹni tó lè bá wọn tún un ṣe. Wọ́n mọ bí a ti ń gba ọ̀rọ̀ lẹ́nu ara ẹni. Herb Sargent, àgbà òǹkọ̀wé wọn, fún wọn lórúkọ tí a lè sọ pé ó jẹ́ àwọn òṣèré tí kò tíì tó gbé síwájú gbogbo ayé. Orúkọ náà mú wọn rẹlẹ̀, ó sì fún wọn láyè láti ṣe àṣìṣe.

Ìrọ̀lẹ́

Ìdánrawò àṣekẹ́yìn bẹ̀rẹ̀ pẹ̀lú aṣọ, iná, kámẹ́rà àti òǹwòran. Dave Wilson ni olùdarí. Ohun tó hàn sí gbogbo ènìyàn ni pé ẹrù náà pọ̀ ju ọkọ̀ lọ. George Carlin tó jẹ́ olùgbàlejò ní ọ̀rọ̀ àdásọ tirẹ̀, ó sì ju ẹ̀ẹ̀kan lọ. Olórin méjì ló wà, Billy Preston àti Janis Ian, kálukú pẹ̀lú orin méjì. Jim Henson kó àwọn ọmọláńgidi rẹ̀ wá. Albert Brooks fi fíìmù kékeré ránṣẹ́. Àwọn aláwàdà náà wà níbẹ̀: Andy Kaufman, Valri Bromfield àti Billy Crystal. Lẹ́yìn gbogbo wọn ni àwọn eré ṣókí ti ẹgbẹ́ náà gan-an, àwọn ìpolówó ọjà tí wọ́n fi ń ṣe àwàdà, àti ìròyìn ẹ̀fẹ̀ tí Chase fẹ́ kà. Ìpolówó ọjà gidi sì tún gbọ́dọ̀ ráyè nínú ìṣẹ́jú 90 náà.

Michaels fúnra rẹ̀ jẹ́wọ́ lẹ́yìn náà pé gbogbo èròjà ọbẹ̀ náà ti wà lọ́wọ́ òun, ṣùgbọ́n òun kò tíì mọ bí èyíkéyìí nínú wọn ṣe gbọ́dọ̀ pọ̀ tó. Ìgbà tí a bá gbé e kaná nìkan ni a lè mọ̀ ọ́n.

Ó ní láti gé. Iṣẹ́ abẹ ni iṣẹ́ yìí, ó sì máa ń dun ẹni tó ń gé bí ó ti ń dun ẹni tí wọ́n gé. Wọ́n ní kí Crystal dín eré rẹ̀ kù sí bí ìṣẹ́jú méjì. Àwọn aṣojú rẹ̀ kò gbà, wọ́n ní eré náà kò ní dúró lórí ẹsẹ̀ rẹ̀ bí wọ́n bá gé e tó bẹ́ẹ̀. Ẹnikẹ́ni kò yí ọ̀rọ̀ padà. Crystal bá ọkọ̀ ojú irin lọ sílé rẹ̀ ní Long Island láìṣe eré kankan. Ó di 1984 kí ó tó wá di ọ̀kan nínú àwọn òṣèré eré náà.

Mo mọ̀ pé àwọn kan yóò sọ pé ọkàn Michaels le. Ọ̀rọ̀ náà kò rọrùn bẹ́ẹ̀. Ní orí ìtàgé akẹ́kọ̀ọ́, olùdarí tó bá ń ṣàánú ọ̀rẹ́ rẹ̀ ni yóò ba eré gbogbo ọ̀rẹ́ tó kù jẹ́. Ẹni tó bá fẹ́ràn ẹgbẹ́ ní láti lè sọ fún ọ̀kan nínú wọn pé ó tó. Ẹ̀kọ́ tó korò nìyẹn, àwọn akẹ́kọ̀ọ́ sì ń kọ́ ọ nígbà tí owó ńlá kò tíì wọ̀ ọ́.

Aago mẹ́wàá sí mọ́kànlá ààbọ̀

Nínú wákàtí tó kẹ́yìn yìí, ìjà aṣọ ṣì wà nílẹ̀. Àwọn ọ̀gá NBC fẹ́ kí Carlin wọ kóòtù àti táì kí àwọn ilé-iṣẹ́ tẹlifíṣàn ìgbèríko má bàa bínú. Carlin fẹ́ ṣẹ́ẹ̀tì alápá kúkurú. Ibi tí wọ́n parí rẹ̀ sí ni kóòtù lókè, ṣẹ́ẹ̀tì alápá kúkurú lábẹ́.

Belushi kò tíì fọwọ́ sí ìwé àdéhùn. Ó kórìíra tẹlifíṣàn, kò sì fọkàn tán NBC. Òun sì wà lára àwọn tí ojú àwọn òǹwòran yóò kọ́kọ́ rí nígbà tí eré bá bẹ̀rẹ̀. Nígbà tó ku ìṣẹ́jú díẹ̀, ó bi Bernie Brillstein, tó jẹ́ aṣojú Michaels, bóyá òun náà lè fọwọ́ sí irú ìwé bẹ́ẹ̀. Brillstein ní bẹ́ẹ̀ ni. Belushi ní bí Brillstein bá gbà láti di aṣojú òun náà, òun yóò fọwọ́ sí i. Wọ́n gbà bẹ́ẹ̀, ó fọwọ́ sí i, ó sì lọ dúró sí àyè rẹ̀.

Ọ̀rọ̀ kan wà tí Michaels máa ń tún sọ láti ọdún pípẹ́. Ó ní eré náà kì í jáde nítorí pé ó ti pé, aago mọ́kànlá ààbọ̀ tó lù ni ó ń gbé e jáde. Àwọn èèyàn máa ń gbọ́ ọ bí ọ̀rọ̀ àgbà oníṣẹ́ tẹlifíṣàn. Létí tèmi, ọ̀rọ̀ akẹ́kọ̀ọ́ ni. Kò sí ọmọ yunifásítì tó ṣe eré rí tí kò mọ̀ ọ́n.

Aago mọ́kànlá ààbọ̀

Kò sí orin ìbẹ̀rẹ̀, kò sí orúkọ ẹnikẹ́ni lójú àwòrán. Yàrá kan ló hàn. Belushi wọlé, ó ṣe bí àjèjì tó wá kọ́ èdè Gẹ̀ẹ́sì. Michael O'Donoghue, tó jẹ́ òǹkọ̀wé, ni olùkọ́ rẹ̀. Olùkọ́ ń sọ gbólóhùn tí kò mú ọgbọ́n wá nípa àwọn ẹranko kan tó rorò, akẹ́kọ̀ọ́ ń sọ ọ́ tẹ̀lé e lọ́rọ̀ sọ́rọ̀. Lójijì olùkọ́ di àyà mú, ó ṣubú, ó kú. Akẹ́kọ̀ọ́ ronú díẹ̀, òun náà di àyà mú, ó ṣubú. Chase yọ pẹ̀lú agbọ́hùn létí bí alábòójútó ìtàgé, ó wo òkú méjèèjì, ó rẹ́rìn-ín músẹ́ sí kámẹ́rà, ó sì kéde fún gbogbo ilé pé láti New York ni, lójú ẹsẹ̀, alẹ́ Sátidé ti dé.

Ẹ kíyè sí ohun tí Michaels ṣe. Àwọn ilé-iṣẹ́ tẹlifíṣàn máa ń fi ìràwọ̀ wọn ṣáájú. Òun fi òǹkọ̀wé kan àti òṣèré tí ẹnikẹ́ni kò mọ̀ ṣáájú, nínú yàrá kékeré kan, pẹ̀lú àwàdà tí ẹlòmíì lè sọ pé kò yé òun. Lẹ́yìn wọn ló mú alábòójútó ìtàgé wá síwájú òǹwòran, ẹni tí wọ́n máa ń fi pamọ́. Ó fi ẹ̀yìn aṣọ ìtàgé han gbogbo ènìyàn láti ìṣẹ́jú àkọ́kọ́.

Don Pardo, ẹni tí ohùn rẹ̀ ti wà ní NBC láti 1944, ka orúkọ àwọn òṣèré. Nígbà tó dé orí orúkọ ẹgbẹ́ náà, ahọ́n rẹ̀ yí ọ̀rọ̀ po. Ẹyin lohùn, bó bá balẹ̀, fífọ́ ló ń fọ́. Ẹnikẹ́ni kò lè dá a padà, eré sì ń lọ.

Títí di òru

Carlin jáde wá, ó fi bọ́ọ̀lù àfẹsẹ̀gbá ti Amẹ́ríkà wé bọ́ọ̀lù onígi, bí ọ̀kan ti jọ ogun tí èkejì sì jọ fàájì. Preston fi dùùrù mú kí gbogbo ilé mì. Kò pẹ́ tí Kaufman fi dé orí ìtàgé.

Ìṣe Kaufman lálẹ́ yẹn ni mo fẹ́ràn jù. Ó dúró lẹ́gbẹ̀ẹ́ ẹ̀rọ giramafóònù kan, ó sì gbé orin eré àwòrán ọmọdé, Mighty Mouse, sórí rẹ̀. Orin ń lọ, kò ṣe nǹkan kan. Ó ń wolẹ̀, ara rẹ̀ kò balẹ̀, ó jọ ẹni tí wọ́n fipá mú wá. Nígbà tó kan gbólóhùn kan ṣoṣo tí akọni inú orin náà máa ń dá kọ, ó na ọwọ́ rẹ̀ sókè bí ọba, ó la ẹnu pẹ̀lú orin náà, ojú rẹ̀ sì tàn. Gbólóhùn náà parí, ó tún padà di ẹni tí ojú ń tì. Àwọn òǹwòran bú sẹ́rìn-ín. Bó bá jẹ́ pé orí téèpù ni wọ́n gbà á sí, ẹni tó ń gé fíìmù ì bá ti gé ìdákẹ́jẹ́ẹ́ yẹn dànù, nítorí kò sí ohun tó ń ṣẹlẹ̀ nínú rẹ̀. Inú ìdákẹ́jẹ́ẹ́ gan-an ni ẹ̀rín náà wà. Ẹni tó ti ṣe tíátà rí nìkan ló lè fọkàn tán an tó bẹ́ẹ̀.

Aago méjìlá sí aago kan

Chase jókòó sídìí tábìlì bí oníròyìn, ó ń ka ìròyìn ẹ̀fẹ̀ tí wọ́n ń pè ní Weekend Update. Lára àwọn tó kọ ọ́ ni Alan Zweibel, ọ̀dọ́kùnrin tó gbé ìwé àpárá tó lé ní ẹgbẹ̀rún kan wá fún Michaels nígbà tó ń wá iṣẹ́. Apá yìí kò kúrò nínú eré náà títí dòní.

Ìpolówó ẹ̀fẹ̀ kan wà nípa abẹ ìfárùngbọ̀n onírin mẹ́ta. Nígbà yẹn, onírin méjì ni tuntun lọ́jà, àwọn òǹkọ̀wé sì rò pé kò sí ohun tó lè pani lẹ́rìn-ín tó kí ẹnikẹ́ni máa ta onírin mẹ́ta. Ní 1998, Gillette gbé Mach3 jáde, onírin mẹ́ta gidi. Àwàdà wọn ti rí ọjà ọ̀la kí àwọn ọlọ́jà tó rí i.

Gbogbo rẹ̀ kọ́ ló dáa. Àwọn òṣèré ẹgbẹ́ náà kò fi bẹ́ẹ̀ ráyè, nítorí àlejò pọ̀. Àwọn ọmọláńgidi Henson kò bá ìyókù eré náà mu. Eré kan wà nínú ilé ìwòsàn tí àwọn òṣèré ti wọ aṣọ oyin, àwọn ọ̀gá NBC kò sì fẹ́ràn rẹ̀ rárá. Ṣùgbọ́n Janis Ian, ẹni ọdún mẹ́rìnlélógún, jókòó pẹ̀lú gìtá rẹ̀, ó kọ orin nípa ọmọbìnrin tí ẹnikẹ́ni kò yàn, gbogbo ilé sì fetí sí i. Ẹ̀rín àti ẹ̀dùn ọkàn jókòó sórí ìtàgé kan náà, bí wọ́n ti máa ń jókòó nínú eré akẹ́kọ̀ọ́.

Nígbà tí aago kan lù, Carlin kí àwọn ènìyàn pé ó dàárọ̀. Ó tán. Kò sí ẹni tó lè tún un ṣe mọ́, ọjọ́ méje péré ló sì kù kí wọ́n ṣe òmíràn, tí Paul Simon yóò gbàlejò rẹ̀.

Ohun tó tẹ̀lé e

Àṣẹ tó ti òkè wá fún Michaels lẹ́yìn eré náà ni pé kí ó yọ àwọn oyin kúrò. Kò yọ wọ́n. Ó tún mú wọn padà wá, ó sì fi ìbínú àwọn ọ̀gá náà ṣe àwàdà. Ní 1976 eré náà gba Emmy mẹ́rin, ọ̀kan fún eré náà fúnra rẹ̀, ọ̀kan fún àwọn òǹkọ̀wé, ọ̀kan fún Chase, ọ̀kan fún Dave Wilson. Ní 1977 ó gba orúkọ Saturday Night Live. Michaels fi í sílẹ̀ ní 1980, ó padà sídìí rẹ̀ ní 1985, ibẹ̀ sì ni ó wà nígbà tí eré náà pé àádọ́ta ọdún.

Okùn náà kò já. Tina Fey kẹ́kọ̀ọ́ eré oníṣe ní Yunifásítì Virginia, ó jáde ní 1992, ó lọ sí Second City ní Chicago, ó sì di obìnrin àkọ́kọ́ tó jẹ́ olórí òǹkọ̀wé Saturday Night Live ní 1999. Nígbà tó di òǹkọ̀wé àti olóòtú eré tirẹ̀ ní 2006, ó sọ ọ́ ní 30 Rock, orúkọ ilé gogoro náà gan-an, Michaels sì wà lára àwọn olóòtú rẹ̀. Láti ọ̀dọ̀ Wayne àti Shuster, dé ọ̀dọ̀ Michaels, dé ọ̀dọ̀ Fey, ìtàgé akẹ́kọ̀ọ́ ni gbogbo wọn ti gbéra.

Ìdí nìyí tí ó fi ń dùn mí tí mo bá gbọ́ pé òbí kan tàbí olùkọ́ kan sọ fún akẹ́kọ̀ọ́ pé kó fi eré sílẹ̀ kó lọ kàwé. Ìwé ṣe pàtàkì. Michaels kàwé, ó sì gboyè. Ṣùgbọ́n kò sí yàrá ìkàwé tó lè kọ́ èèyàn láti parí iṣẹ́ ní aago tí gbogbo ìlú ti mọ̀, láti gé ohun tó fẹ́ràn nítorí pé òǹwòran kò rẹ́rìn-ín, àti láti bá ọ̀rẹ́ jà lórí ọ̀rọ̀ kan lọ́sàn-án kí wọ́n sì jọ dúró sórí ìtàgé lálẹ́. Ẹ fún àwọn akẹ́kọ̀ọ́ wa ní gbọ̀ngán. Ẹ jẹ́ kí wọ́n fúnra wọn mú ọjọ́ àti aago, kí wọ́n lẹ̀ ẹ́ mọ́ ògiri. Lẹ́yìn náà, bó ti wù kí wọ́n bẹ̀ wá tó, kí ẹnikẹ́ni má ṣe bá wọn sún un síwájú.